Tírélà Tí Wọ́n Gé Kúrò

Aago méje kò tíì lù ní ìkóríta Èrèjà,
Kọ́mọláfẹ́ ti tẹ́ ìwé ìròyìn sórí tábìlì,
ó fi òkúta kéékèèké tẹ̀ wọ́n mọ́lẹ̀
kí atẹ́gùn má baà kà wọ́n ṣáájú wa.
Àwa tí à ń kà á lọ́fẹ̀ẹ́ ti dúró yí i ká,
ọwọ́ lẹ́yìn, ọrùn síwájú:
olùkọ́ kan tó ti fẹ̀yìn tì, ọlọ́kadà mẹ́ta,
àti èmi, tí mo ń wá ọ̀rọ̀ omi.

Nítorí lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun
a kó kẹ́ẹ̀gì òfìfo lọ sẹ́nu ọ̀nà ìjọba ìbílẹ̀.
Oṣù mẹ́sàn-án, ẹnu ẹ̀rọ omi Òkèṣà gbẹ bí ẹnu aláìsàn.
Kẹ́ẹ̀gì igba ó lé mẹ́tàdínlógún, èmi ni mo kà wọ́n,
aláwọ̀ ọsàn, aláwọ̀ aró, èyí tó ti gbé epo rí.
A kò sọ òkò. A jókòó lé kẹ́ẹ̀gì.
Ọ̀gbẹ́ni kan ya fọ́tò, ó bá tirẹ̀ lọ.

Ìwé kìíní, lẹ́tà pupa tó tó ọwọ́ ọmọdé:
ÀWỌN JÀǸDÙKÚ YA BO ỌFÍÌSÌ ÌJỌBA NÍLÉṢÀ.
Ìwé kejì: AKỌNI Ọ̀DỌ́ KO ÌJỌBA LÓJÚ.
Ìwé kẹta fi wá sí ojú ewé kọkànlá,
ìlà méjì, láàárín ìkéde òkú àti ilẹ̀ tí wọ́n fẹ́ tà,
ó ní ìdíwọ́ díẹ̀ bá lílọ bíbọ̀ ọkọ̀.
Àwòrán kan náà ló wà nínú méjì àkọ́kọ́:
Fámúyìwá, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi,
ẹnu yíyà gbàgà,
apá lókè bí ẹni tó fẹ́ ju nǹkan.

Mo wà níbẹ̀. Èjìká mi kan tirẹ̀.
Abọ́sẹ̀dé àbúrò rẹ̀ ló ń sọdá títì,
tírélà sìmẹ́ńtì ń bọ̀ láti ọ̀nà Àkúrẹ́,
Fámúyìwá sì figbe ta: "Dúró síbẹ̀!"
Wọ́n gé tírélà kúrò.
Wọ́n gé ọmọ ọdún mẹ́fà kúrò,
tòun ti bàtà rẹ̀ kan tó bọ́ sójú títì.
Wọ́n fi igbe sílẹ̀,
wọ́n wá orúkọ fún un.

Ìròyìn kò tó àfojúbà, àwọn àgbà ló wí.
Àfojúbà tèmi dà, nígbà tí ọlọ́kadà kan na ìka sí i:
"Ẹ wo ojú ẹ̀. Ojú ọ̀daràn nìyẹn"?
Olùkọ́ ní rárá, ojú ajìjàgbara ni,
ó ka ìwé kejì sókè fún un.
Wọ́n ń jà lórí ojú tí wọn kò rí rí.
Èmi náà tún àwòrán yẹn wò, kí Ọlọ́run foríjì mí,
fún ìṣẹ́jú kan mo rò pé bóyá òkò wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Kó tó di Sátidé,
Ìyá Ọlátòrèrà ti gbé sílíńdà gáàsì rẹ̀ wọ yàrá.
Télọ̀ tó fẹ́ gbà á síṣẹ́ ní Ìsọ̀kùn ní kó ṣì ní sùúrù ná.
Ẹgbẹ́ òṣèlú kan gbé mọ́tò wá, wọ́n dé e ní fìlà,
wọ́n ní kó tún na apá sókè bíi tọjọ́sí.
Kò sẹ́ni tó béèrè kẹ́ẹ̀gì.

Lọ́jọ́ Ajé ó bá mi dé Èrèjà.
Ó fa ìwé méjèèjì yọ lábẹ́ tábìlì,
ọ̀kan lọ́tùn-ún, ọ̀kan lósì,
ó wo ara rẹ̀, ó tún wo ara rẹ̀.
"Bọ̀dá Kọ́mọláfẹ́, èwo lèmi nínú méjèèjì?"
Kọ́mọláfẹ́ kò gbójú sókè, ṣéńjì ló ń kà:
"Èyí tó ti pẹ́ nìyẹn. Ẹlẹ́pà ń bọ̀ wá kó wọn,
kílò ni mo fi ń tà á."

Abọ́sẹ̀dé ra ẹ̀pà lálẹ́ ọjọ́ yẹn.
Kò tíì mọ̀wé kà.
Ó jẹ ẹ́ tán, ó na bébà náà lórí orúnkún,
ó fi ọwọ́ gbọn iyọ̀ kúrò,
ó rẹ́rìn-ín:
"Bọ̀dá mi rèé. Ó ń pè mí."